Kámẹ́rà Tó Dúró ní Harlan

   

Iṣẹ́ kan ni mo fẹ́ ká jọ yẹ̀ wò ní ìrọ̀lẹ́ òní. Iṣẹ́ àwọn tó ń ṣe fíìmù dọkumẹ́ńtárì ni. Kì í ṣe àwọn tí ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n ń sanwó oṣù fún o. Kì í sì í ṣe àwọn tí ìjọba rán lọ ya àwòrán ibi tí gómìnà ti ń ṣí afárá. Àwọn tí mò ń wí ni àwọn tó dá dúró, tí wọ́n gbé kámẹ́rà wọn tọ ìṣòro àwùjọ lọ: ìyà òṣìṣẹ́, àìrílégbé, àìsàn tí iṣẹ́ ń kó ran èèyàn, àti gbogbo ọ̀rọ̀ tí àwọn alágbára kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni sọ síta.

Kí ni dọkumẹ́ńtárì? Ẹ ti rí i rí, kódà bí ẹ kò bá mọ orúkọ rẹ̀. Nínú fíìmù àgbéléwò tí a máa ń wò, òṣèré ló ń sunkún. Bí olùdarí bá ti ní ó tó, yóò nu ojú rẹ̀ nù, yóò sì lọ jẹun. Nínú dọkumẹ́ńtárì, ẹni tó ń sunkún ń sunkún ni. Ọmọ rẹ̀ ló kú. Ilé rẹ̀ ni wọ́n wó. Bí wọ́n bá pa kámẹ́rà tán, ẹkún náà kò tíì tán. Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ nìyẹn, òun náà ló sì mú kí iṣẹ́ yìí wúwo.

Àwọn ọ̀dọ́ máa ń bi mí pé, irú kámẹ́rà wo ni kí àwọn rà? Ìbéèrè tó dáa ni. Ṣùgbọ́n ìbéèrè kan wà tó ṣáájú rẹ̀. Báwo lo ṣe lè pẹ́ tó níbi tí ọ̀rọ̀ náà ti ń ṣẹlẹ̀? Ẹ jẹ́ kí n tún un sọ. Báwo lo ṣe lè pẹ́ tó níbẹ̀? Lójú tèmi, ibẹ̀ gan-an ni òmìnira aṣefíìmù wà: pé kò sí ọ̀gá kankan tó lè pè é lórí fóònù pé kó máa bọ̀ wálé, pé ìròyìn yẹn ti di ti àná.

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní àjòjì lójú, ṣùgbọ́n kò fi ríran. Ẹni tó wọ ìlú láàárọ̀, tó jáde nírọ̀lẹ́, ohun tí wọ́n fi hàn án nìkan ló rí. Kámẹ́rà náà, àjòjì ni. Bí kò bá pẹ́ nílùú, kò lè ríran.

Obìnrin kan ni màá fi ṣàlàyé ọ̀rọ̀ yìí fún yín. Orúkọ rẹ̀ ni Barbara Kopple. Ọmọ Amẹ́ríkà ni. Ìlú New York ni wọ́n ti bí i ní ọdún 1946. Ní yunifásítì, ẹ̀kọ́ nípa ìrònú àti ìwà ẹ̀dá ló kọ́. Lẹ́yìn náà ló lọ ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ tẹ̀gbọ́n-tàbúrò kan, Albert àti David Maysles, tí orúkọ wọn ti dún nídìí dọkumẹ́ńtárì. Bí ọmọ iṣẹ́ ló ṣe bẹ̀rẹ̀. Ó kọ́ bí wọ́n ṣe ń gba ohùn sílẹ̀, ó kọ́ bí wọ́n ṣe ń gé fíìmù tí wọ́n sì ń tò ó. Ó wà lára àwọn tó para pọ̀ ṣe Winter Soldier, fíìmù tó jáde ní 1972, níbi tí àwọn sójà tó ti ogun Vietnam bọ̀ ti ń jẹ́rìí, lójú gbogbo ayé, sí ìwà ìkà tí wọ́n rí níbẹ̀ àti èyí tí wọ́n fọwọ́ ara wọn hù.

Lẹ́yìn ìyẹn ni ọkàn rẹ̀ fà sọ́dọ̀ àwọn tó ń wa èédú. Èédú inú ilẹ̀ ni mo wí o, kì í ṣe èédú igi tí a fi ń sun ẹran. Ẹ̀yin àgbà tí ẹ ń gbọ́ mi, ẹ óò rántí pé èédú Enugu ló ń gbé rélùwéè wa rìn nígbà kan. Ẹ óò sì rántí Iva Valley, ní oṣù kọkànlá ọdún 1949, nígbà tí ọlọ́pàá ìjọba amúnisìn yìnbọn lu àwọn awakùsà tó ń béèrè ẹ̀tọ́ wọn, tí 21 nínú wọn sì kú. Nítorí náà, bí mo bá ń sọ̀rọ̀ èédú àti ẹ̀jẹ̀ òṣìṣẹ́, kò ṣàjèjì sí wa.

Ní Amẹ́ríkà lọ́hùn-ún, ọ̀rọ̀ náà burú láti inú ilé. Ní alẹ́ ọjọ́ tó parí ọdún 1969, àwọn apani wọ ilé ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Joseph Yablonski. Wọ́n pa á. Wọ́n pa ìyàwó rẹ̀. Wọ́n pa ọmọ rẹ̀ obìnrin. Kí ló ṣe? Ó bá Tony Boyle, ààrẹ ẹgbẹ́ àwọn awakùsà, du ipò ni. Ilé ẹjọ́ padà dá Boyle lẹ́bi pé òun ló wà nídìí ìpànìyàn náà. Ẹ rò ó wò ná: olórí ẹgbẹ́ tó yẹ kó dáàbò bo òṣìṣẹ́! Inú bí àwọn awakùsà. Ní 1972, wọ́n fi ìbò yọ Boyle, wọ́n sì gbé Arnold Miller sípò, awakùsà bíi tiwọn, tí eruku èédú ti bá ẹ̀dọ̀fóró rẹ̀ jà.

Ìjà ìdìbò yìí ni Kopple kọ́kọ́ gbé kámẹ́rà lọ yà. Ó rò pé ìtàn tí òun ń ṣe nìyẹn. Àmọ́ ní 1973, nǹkan mìíràn bẹ́ sílẹ̀ ní Harlan County, ní ìpínlẹ̀ Kentucky, láàárín àwọn òkè gíga tí èédú kún inú wọn. Àwọn òṣìṣẹ́ ibi ìwakùsà Brookside dìbò pé ẹgbẹ́ àwọn awakùsà ni àwọn fẹ́ kó máa ṣojú fún àwọn. Ilé-iṣẹ́ Eastover ló ni ibi ìwakùsà náà, Duke Power tó ń pèsè iná mànàmáná ló sì ni Eastover. Ilé-iṣẹ́ náà kọ̀, kò fọwọ́ sí ìwé àdéhùn. Ni àwọn òṣìṣẹ́ bíi 180 bá kó irinṣẹ́ sílẹ̀, wọ́n yanṣẹ́ lódì. Oṣù 13 ni ìyanṣẹ́lódì yẹn gbà.

Ẹ dákun, ẹ fojú inú wò ó. Oṣù 13 láìsí owó oṣù, pẹ̀lú ìyàwó, pẹ̀lú ọmọ.

Irú ilé wo ni wọ́n ń gbé? Kopple fi hàn wá. Ilé pákó ni, ilé-iṣẹ́ ló ni ín, kò sí omi ẹ̀rọ nínú rẹ̀. Ìyá kan ń wẹ ọmọ rẹ̀ nínú ọpọ́n. Omi yẹn kò pọ̀, ọmọ náà sì dúró gbagidi, ó ń jẹ́ kí ìyá rẹ̀ ṣe é bó ṣe fẹ́. Kò sí ẹnikẹ́ni tó ń sọ̀rọ̀ lé àwòrán náà lórí pé ẹ wò ó, òṣì rèé. Kopple kò fi olùsọ̀rọ̀ kankan sínú fíìmù náà láti máa ṣàlàyé. Ìwọ̀nba ọ̀rọ̀ díẹ̀ ni wọ́n kọ sójú fíìmù láti sọ ibi tí a wà àti ohun tó ń lọ. Ìyókù, àwọn ará Harlan ló sọ ọ́ fúnra wọn, lẹ́nu ara wọn, ní èdè agbègbè wọn. Ohun tó mú mi fẹ́ràn iṣẹ́ obìnrin yìí jù lọ nìyẹn. Ó gbà pé ẹni tí ìyà ń jẹ mọ bí a ṣe ń ròyìn ìyà.

Àmọ́ ṣé wọ́n kàn gbà á tọwọ́tẹsẹ̀ bó ṣe dé ni? Rárá o. Ta ló mọ̀ ọ́n? Ọmọbìnrin ìlú ńlá, tó gbé irin dúdú lọ́wọ́, tó ń béèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ àwọn tí ilé-iṣẹ́ ń ṣọ́. Ó lè jẹ́ amí. Nígbà tó bi àwọn obìnrin tó wà lẹ́nu ọ̀nà ibi ìwakùsà ní orúkọ wọn, orúkọ tí kì í ṣe tiwọn ni wọ́n fi dá a lóhùn. Wọ́n ní bó bá dá a lójú, kó padà wá láàárọ̀ ọjọ́ kejì kí ilẹ̀ tó mọ́.

Òun àtàwọn tí wọ́n jọ ń ṣiṣẹ́ gbéra nínú òkùnkùn, nínú òjò. Lórí òkè Pine Mountain, ọkọ̀ wọn yà kúrò lọ́nà, ó sì dojú dé. Ẹnikẹ́ni kò kú. Wọ́n rá jáde, wọ́n kó kámẹ́rà àti ẹ̀rọ ìgbohùnsílẹ̀ wọn sórí ejìká, wọ́n sì fẹsẹ̀ rìn dé ẹnu ọ̀nà ibi ìwakùsà náà bí wọ́n ṣe ṣèlérí. Àwọn obìnrin yẹn wò wọ́n, wọ́n rí bí ara wọn ṣe tutù rinrin. Láti ọjọ́ náà ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ sí í sọ orúkọ gidi fún un. Kò pẹ́, ó di ẹni tó ń sùn nílé wọn, tó ń jẹ oúnjẹ wọn, tó ń jí nígbà tí wọ́n bá jí.

Mo ti bi yín níbẹ̀rẹ̀ ọ̀rọ̀ yìí pé báwo lẹ ṣe lè pẹ́ tó níbẹ̀. Ẹ wá gbọ́ ohun tí pípẹ́ níbẹ̀ fún Kopple.

Adájọ́ kan pàṣẹ pé ìwọ̀nba awakùsà díẹ̀ ló gbọ́dọ̀ máa dúró sẹ́nu ọ̀nà. Kí ni wọn yóò ṣe? Àwọn ìyàwó wọn ló dìde. Àṣẹ adájọ́ kò mẹ́nu ba ìyàwó. Wọ́n mú pàṣán lọ́wọ́, wọ́n dúró sójú ọ̀nà láàárọ̀ kùtù, wọ́n sì ń dá àwọn tí ilé-iṣẹ́ kó wá gba iṣẹ́ ọkọ wọn ṣe padà. Wọ́n tì wọ́n mọ́lé, wọ́n jáde, wọ́n tún padà síbẹ̀. Kámẹ́rà wà ní ìpàdé wọn. A rí i bí wọ́n ṣe ń bára wọn jà, bí wọ́n ṣe ń fẹ̀sùn kan ara wọn lórí ọkọ àti lórí ọtí, títí ẹnì kan nínú wọn fi pariwo pé kí wọ́n jẹ́ kí àwọn gbájú mọ́ ìwé àdéhùn. Oníròyìn ọjọ́ kan kò lè rí irú ìpàdé bẹ́ẹ̀. Ojú ìwọ́de nìkan ni wọn ì bá fi hàn án.

A tún rí Florence Reece, ìyá àgbàlagbà tó kọ orin Harlan tí gbogbo ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́ Amẹ́ríkà mọ̀, orin tó ti kọ láti 1931 nígbà ìjà èédú àtijọ́. Ó dìde níwájú àwọn ọmọ tí kò tíì dáyé nígbà náà, ó kọ ọ́. Ohùn rẹ̀ ti ń gbọ̀n, síbẹ̀ gbogbo ilé ló bá a gbè é.

Ibì kan tún wà nínú fíìmù náà tí mo fẹ́ kí ẹ wá a wò bí ẹ bá láǹfààní. Àwọn awakùsà lọ sí New York, wọ́n gbé páálí lọ́wọ́ níwájú ilé tí wọ́n ti ń ta ìpín ìdókòwò, ní Wall Street. Ọlọ́pàá kan tó ń ṣọ́ ibẹ̀ bá ọ̀kan nínú wọn tàkúrọ̀sọ. Ó bi í ní iye tó ń gbà, ó bi í bóyá ilé-iṣẹ́ ń tọ́jú eyín wọn. Awakùsà ní rárá, kò sí o. Ẹnu ya ọlọ́pàá náà. Òun tó ń dúró lójú pópó ń gba ìtọ́jú eyín, ẹni tó ń wọ abẹ́ òkè tó lè wó lù ú kò rí i gbà. Ọ̀rọ̀ ìṣẹ́jú díẹ̀ péré ni, láàárín òṣìṣẹ́ méjì. Mi ò tíì gbọ́ àlàyé tó ju ìyẹn lọ lórí ìdí tí wọ́n fi yanṣẹ́ lódì.

Ẹ̀rù wá ńkọ́? Ìbọn wà níbẹ̀. Ilé-iṣẹ́ kó àwọn tó ń gbé ìbọn kiri wá, olórí wọn sì máa ń wa ọkọ̀ kọjá, ìbọn rẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Lọ́jọ́ kan, ó dúró, ó ní kí Kopple fi káàdì oníròyìn rẹ̀ han òun. Kopple ní kí òun náà kọ́kọ́ fi ìwé ìdánimọ̀ tirẹ̀ hàn. Ọkùnrin náà ní ó jọ pé òun ti gbé e síbì kan tí òun kò rántí. Kopple ní ó jọ pé tòun náà ti sọnù báyẹn. Gbogbo rẹ̀ wà nínú fíìmù.

Ní àárọ̀ ọjọ́ mìíràn, kí ilẹ̀ tó mọ́, àwọn jàǹdùkú yẹn ya lu àwọn tó wà lẹ́nu ọ̀nà. Ìbọn dún. Wọ́n kọjú sí àwọn aṣefíìmù náà gan-an. Àwòrán dàrú, a kò rí nǹkan kan mọ́ ju iná ọkọ̀ àti òkùnkùn lọ, a kàn ń gbọ́ igbe. Wọ́n lu ẹni tó gbé kámẹ́rà, Hart Perry. Kopple, tó gbé ọ̀pá makirofóònù, fi ọ̀pá yẹn gbèjà ara rẹ̀. Kò sì sá kúrò ní Harlan.

Nǹkan kan wà tó ti sọ lẹ́yìn náà, tí mo fẹ́ kí ẹ̀yin ọ̀dọ́ tẹ́tí sí dáadáa. Ó ní nígbà mìíràn owó tán, fíìmù tán nínú kámẹ́rà. Síbẹ̀ wọ́n máa ń gbé kámẹ́rà tó ṣófo náà lọ sẹ́nu ọ̀nà láàárọ̀, wọ́n á gbé e sójú bí ẹni ń yàwòrán. Kí nìdí? Nítorí pé bí àwọn tó gbé ìbọn bá ti rí kámẹ́rà, ọwọ́ wọn máa ń rọ̀ díẹ̀. Kámẹ́rà tí kò gba nǹkan kan sílẹ̀, ẹ̀mí ló ń dáàbò bò. Ẹni tó jẹ́ pé àwòrán nìkan ló wá gbà, kí ni ì bá gbé kámẹ́rà òfìfo jáde ṣe ní aago márùn-ún ìdájí? Kopple ti di ará ibẹ̀.

Nígbà tó di oṣù kẹjọ ọdún 1974, wọ́n yìnbọn pa ọ̀dọ́ awakùsà kan, Lawrence Jones. Ó níyàwó tí kò tíì pé 20 ọdún, ó ní ọmọ ọwọ́. Kámẹ́rà wà níbi òkú rẹ̀. Ìyá rẹ̀ rọ́ sórí pósí, ó ń ké, wọ́n ń gbé e, ó tún ń padà síbẹ̀.

Ǹjẹ́ ó tọ́? Ṣé ó yẹ ká máa ya ìyá olókùú ní irú àkókò bẹ́ẹ̀? Mo mọ̀ pé ọ̀pọ̀ nínú yín ń bi ara yín. Yorùbá ní bí a bá ń sunkún, a máa ń ríran. Àwọn ará Brookside rí àwọn tó gbé kámẹ́rà lọ́jọ́ náà, wọ́n mọ̀ wọ́n, wọn kò sì lé wọn. Wọ́n ti jọ sá fún ìbọn. Wọ́n fẹ́ kí ayé rí ohun tí wọ́n ṣe fún Lawrence Jones. Lójú tèmi, ẹni tó ti bá wọn jẹ ìyà nìkan ló lẹ́tọ̀ọ́ láti dúró sí ibi pósí yẹn. Ẹni tó bá sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀ lọ́jọ́ ìsìnkú, tó gbé kámẹ́rà sí ìyá náà lójú, tó sì lọ, olè ni. Mi ò ní orúkọ mìíràn fún un.

Kò pẹ́ lẹ́yìn ikú Jones ni ilé-iṣẹ́ fọwọ́ sí ìwé àdéhùn. Ayọ̀ sọ. Fíìmù ì bá parí síbẹ̀, tí gbogbo wa ì bá pàtẹ́wọ́. Àmọ́ Kopple kò pa á síbẹ̀. Ó tẹ̀ lé wọn dé òpin ọdún yẹn, nígbà tí ẹgbẹ́ ń jíròrò àdéhùn gbogbo orílẹ̀-èdè, tí àwọn awakùsà kan sì ń ráhùn pé wọ́n ti gba ẹ̀tọ́ ìyanṣẹ́lódì lọ́wọ́ àwọn. Ìjà òṣìṣẹ́ kì í parí lọ́jọ́ tí wọ́n bá fọwọ́ sí ìwé, òótọ́ yẹn sì ló fi sílẹ̀ fún wa.

Ó kù ká sọ̀rọ̀ owó, nítorí ebi kì í wọnú kí ọ̀rọ̀ mìíràn wọ̀ ọ́. Níbo ni owó ti ń wá? Kò sí ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣọ̀n tó gbé owó kalẹ̀. Kopple ń kọ lẹ́tà sí àwọn àjọ tó ń fowó ran iṣẹ́ ọnà lọ́wọ́. Ọ̀pọ̀ wọn dá a lóhùn pé rárá. Ó yá owó. Bí owó bá tán, yóò padà sí New York, yóò wá owó díẹ̀, yóò tún padà sí Kentucky. Nǹkan bí ọdún mẹ́rin ni gbogbo iṣẹ́ náà gbà. Bó bá jẹ́ pé ẹnì kan ṣoṣo ló gbé owó náà kalẹ̀, onítọ̀hún ì bá ti pè é padà ní oṣù kẹta, yóò ní àwòrán tó o rí gbà ti tó. Ìyà gbèsè yẹn ló fi ra àkókò.

Fíìmù náà, Harlan County, USA, jáde ní 1976. Ní 1977, wọ́n fún un ní àmì ẹ̀yẹ Oscar fún dọkumẹ́ńtárì tó dára jù lọ. Kopple jẹ́ ọmọ 30 ọdún. Ní 1990, ìjọba Amẹ́ríkà kọ fíìmù náà mọ́ àwọn tí ilé ìkàwé ìjọba àpapọ̀ wọn yóò máa pa mọ́ fún ìran tó ń bọ̀.

Ẹ ó rò pé lẹ́yìn Oscar, owó á máa wọlé wẹ́rẹ́wẹ́rẹ́. Kò rí bẹ́ẹ̀. Fíìmù rẹ̀ tó tún gba Oscar, American Dream, 1990 ló tó jáde. Ìyẹn náà, ìyanṣẹ́lódì ni, ní ìlú Austin ní Minnesota, nílé-iṣẹ́ Hormel tó ń ṣe ẹran inú agolo. Ilé-iṣẹ́ náà ń jèrè, síbẹ̀ ó gé owó òṣìṣẹ́ láti dọ́là 10.69 ní wákàtí kan sí dọ́là 8.25. Ní 1985, wọ́n yanṣẹ́ lódì. Àmọ́ níbí yìí, ẹgbẹ́ ti ìlú àti ẹgbẹ́ ti gbogbo orílẹ̀-èdè kò fohùn ṣọ̀kan. Àwọn ti òkè ní ìjà náà kò lè yọrí sí rere. Àwọn ti ìlú ní ojo ni wọ́n. Kopple ya àwọn méjèèjì, ó sì jẹ́ kí àwọn méjèèjì sọ tẹnu wọn. Níkẹyìn, àwọn kan padà sẹ́nu iṣẹ́ nígbà tí àwọn ará wọn ṣì dúró níta nínú yìnyín. Tẹ̀gbọ́n-tàbúrò pínyà lórí rẹ̀. Ọ̀pọ̀ kò rí iṣẹ́ wọn gbà mọ́.

Mo gbà pé fíìmù kejì yìí le ju ti àkọ́kọ́ lọ láti ṣe. Ní Harlan, a mọ ẹni tó jẹ̀bi, a sì mọ ẹni tó ń jìyà. Ní Austin, àwọn tó fẹ́ràn ara wọn ló ń ṣe ara wọn léṣe, kámẹ́rà sì ní láti wọ ilé ẹni tó dúró àti ilé ẹni tó padà. Báwo lo ṣe máa ṣe é tí ẹnikẹ́ni kò fi ní í sọ pé o ta òun? Ó ní láti pẹ́ lọ́dọ̀ àwọn méjèèjì. Kò sí ọ̀nà àbùjá.

Kí ló wá ń jẹ láàárín gbogbo ọdún wọ̀nyí? Ó gba iṣẹ́. Ní 1993, ó ṣe fíìmù nípa Mike Tyson, ẹlẹ́ṣẹ̀ẹ́ tí gbogbo wa mọ̀, fún tẹlifíṣọ̀n. Ó darí eré àtìgbàdégbà lórí tẹlifíṣọ̀n, irú bíi Homicide. Kò sí ìtìjú kankan níbẹ̀. Àwọn ọ̀dọ́ kan rò pé ẹni tó bá ya fíìmù ìgbéyàwó ti ba orúkọ ara rẹ̀ jẹ́. Kò rí bẹ́ẹ̀ o. Ya ìgbéyàwó lọ́jọ́ Sátidé, gba owó rẹ, kí o lè rí ọjọ́ márùn-ún lò níbi tí ọ̀rọ̀ rẹ wà.

Ní 2006, òun àti Cecilia Peck ṣe Shut Up & Sing. Èyí kan àwa oníṣẹ́ rédíò gbọ̀ngbọ̀n. Àwọn olórin obìnrin mẹ́ta kan, tí wọ́n ń jẹ́ Dixie Chicks nígbà náà, wà lórí ìtàgé ní Lọ́ńdọ̀nù ní 2003, nígbà tí ogun Iraq fẹ́ bẹ̀rẹ̀. Ọ̀kan nínú wọn sọ pé ojú ń ti àwọn pé Texas, ìpínlẹ̀ àwọn, ni ààrẹ Bush ti wá. Ni àwọn ilé-iṣẹ́ rédíò kan bá yọ orin wọn kúrò lórí afẹ́fẹ́. Kopple wá bá wọn lẹ́yìn tí ariwo ti bẹ̀rẹ̀, ó sì jókòó tì wọ́n fún ìgbà pípẹ́, láti rí ohun tí irú ìyà bẹ́ẹ̀ ń ṣe fún ènìyàn àti fún ìdílé. Mo máa ń rántí fíìmù yẹn bí mo bá jókòó síwájú makirofóònù yìí. Ẹni tó ní agbára láti pa ohùn ẹlòmíràn, ó yẹ kó máa bẹ̀rù agbára náà.

Àwa náà ńkọ́ nílé níbí? A ní àwọn tó ń ṣe é. Fẹ́mi Òdúgbèmí ti gbé kámẹ́rà lọ sí Bàrígà, ó ṣe Bariga Boy ní 2009, nípa Ṣẹ́gun Adéfilà àtàwọn ọ̀dọ́ òṣèré tó kó jọ ládùúgbò yẹn. Ó tún lọ sí Mákòko, lórí omi ọ̀sà, ó ṣe fíìmù lórí àwọn tó ń gbé ibẹ̀. Òun àtàwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ló dá iREP sílẹ̀, àjọ̀dún dọkumẹ́ńtárì tí wọ́n ti ń ṣe ní Freedom Park, ní Broad Street, Èkó. Ẹ̀yin ará Èkó mọ̀ pé ọgbà ẹ̀wọ̀n ìjọba amúnisìn ni ibẹ̀ tẹ́lẹ̀. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ọkàn yín wà nídìí iṣẹ́ yìí, ẹ wá àjọ̀dún náà lọ. Ẹ jókòó, ẹ wo fíìmù àwọn ẹlòmíràn, ẹ bi wọ́n léèrè bí wọ́n ṣe rówó àti bí wọ́n ṣe pẹ́ tó.

Ohun kan ṣoṣo ni mo fẹ́ fi kún un, nítorí rédíò ni mo ti ń sọ̀rọ̀, mo sì mọ iyì ohùn. Barbara Kopple kì í gbé kámẹ́rà ní Harlan. Makirofóònù ló ń gbé. Ohùn ló ń gbà. Bí owó yín kò bá tó nǹkan, ẹ má ná gbogbo rẹ̀ sórí kámẹ́rà. Ẹ lo fóònù yín fún àwòrán, kí ẹ fi owó ra makirofóònù tó dára. Ènìyàn lè fara da àwòrán tó ṣókùnkùn díẹ̀. Bí wọn kò bá gbọ́ ohun tí ìyá yẹn ń sọ, wọ́n á dìde lọ. Kí ẹ sì yan ọ̀rọ̀ tó wà nítòsí yín, níbi tí ẹ lè fẹsẹ̀ rìn dé láàárọ̀, kí ẹ tún padà síbẹ̀ lọ́la, láìsí owó ọkọ̀. Ọjà tí wọ́n fẹ́ wó. Àwọn obìnrin tó ń fọ́ òkúta lẹ́bàá ọ̀nà. Ilé-ìwé tí kò ní òrùlé.

Ní ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀, ọ̀rọ̀ ìyọ̀ǹda la ó gbé yẹ̀ wò: bí a ṣe ń tọrọ àyè lọ́wọ́ ẹni tí a fẹ́ yà, ohun tó yẹ kó wà nínú ìwé tí ẹ óò jọ fọwọ́ sí, àti ohun tó yẹ kí ẹ ṣe bí onítọ̀hún bá yí ọkàn padà lẹ́yìn tí ẹ ti ya fíìmù tán. Bí ẹ bá ní ìbéèrè lórí ìyẹn, ẹ kọ ọ́ ránṣẹ́ sí wa kí ọjọ́ náà tó pé, ká lè dáhùn rẹ̀ lórí afẹ́fẹ́.